Ken Adam

Ken Adam (ọjọ́ 5 oṣù Kejì ọdún 1921 – ọjọ́ 10 oṣù Kẹta ọdún 2016) jẹ́ production designer, ìyẹn ẹni tó ń pinnu bí gbogbo ibi tí eré fíìmù ti ń wáyé ṣe máa rí, láti ara ògiri dé àjà, dé ibi tí ìmọ́lẹ̀ máa gbà wọlé. Jámánì ni wọ́n bí i sí, ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ló fi ṣe ilé. Fíìmù James Bond méje tó ṣiṣẹ́ lórí wọn, láti Dr. No (1962) dé Moonraker (1979), ló sọ ọ́ di ìlú-mọ̀-ọ́n-ká.

Ìbẹ̀rẹ̀ ayé

Klaus Hugo Adam ni wọ́n sọ ọ́ ní Berlin. Ìdílé Júù ni wọ́n; bàbá rẹ̀ ní ilé ìtajà aṣọ eré ìdárayá. Nígbà tí ayé ò gba wọ́n mọ́ lábẹ́ ìjọba Násì, wọ́n kó lọ sí ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì lọ́dún 1934. Ó kọ́ iṣẹ́ ayàwòrán ilé ní ilé ẹ̀kọ́ Bartlett ní London, ó sì wa ọkọ̀ òfúrufú ajagun fún RAF, ẹgbẹ́ ọmọ ogun òfúrufú ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, nígbà Ogun Àgbáyé Kejì, ọ̀kan lára ìwọ̀nba ọmọ bíbí Jámánì tó ṣe bẹ́ẹ̀. Lẹ́yìn ogun ló wọ iṣẹ́ fíìmù, ó sì bẹ̀rẹ̀ láti ìsàlẹ̀.

Ọwọ́ rẹ̀ lórí ìwé

Pẹ́ńsù tó ń fa ìlà tín-ín-rín ló kọ́kọ́ ń lò. Nígbà tó yá, ó pa á tì, ó mú kálàmù Flo-Master tí ẹnu rẹ̀ fẹ̀, tí tádàwà rẹ̀ dúdú kirikiri. Ó jọ pé ìyípadà yìí ṣe pàtàkì ju bí wọ́n ṣe sábà máa ń kà á sí lọ. Irú kálàmù bẹ́ẹ̀ kì í gba kúlẹ̀kúlẹ̀: ẹni tó mú un lọ́wọ́ ní láti mọ ibi tí òkùnkùn máa wà kó tó mọ ibi tí ògiri máa dúró.

Yàrá ogun

Iṣẹ́ rẹ̀ tó lágbára jù, lójú ọ̀pọ̀ àwọn tó mọ iṣẹ́ náà, ni yàrá ìgbìmọ̀ ogun inú Dr. Strangelove (1964), fíìmù apanilẹ́rìn-ín nípa ogun átọ́míìkì; sítúdíò Shepperton ni wọ́n kọ́ yàrá náà sí. Stanley Kubrick, olùdarí fíìmù náà, kọ́kọ́ fọwọ́ sí àwòrán yàrá kan tó ní ìpele méjì, òkè àti ìsàlẹ̀. Nígbà tó ṣe díẹ̀, ó yí ohùn padà: kí ni àwọn tó bá wà lókè fẹ́ máa ṣe? Adam tún un yà látilẹ̀. Yàrá onígun mẹ́ta ló jáde wá, ògiri rẹ̀ dà bíi kọnkéré, ilẹ̀ rẹ̀ dúdú, ó ń dán bíi omi. Gígùn rẹ̀ tó nǹkan bí ẹsẹ̀ bàtà 130, fífẹ̀ rẹ̀ 100, gíga rẹ̀ 35.

Tábìlì roboto ńlá kan wà láàárín, òrùka iná sì rọ̀ sórí rẹ̀. Iná yìí gan-an ló tan ìmọ́lẹ̀ sójú àwọn òṣèré. Kubrick ní kí wọ́n fi aṣọ aláwọ̀ ewé bo tábìlì náà bíi ti tábìlì tẹ́tẹ́. Dúdú àti funfun ni fíìmù náà, òǹwòran kankan kò sì lè rí àwọ̀ ewé ọ̀hún. Àwọn òṣèré tó jókòó yí i ká ni wọ́n ṣe é fún, kí ó lè dà bíi pé wọ́n ń fi ayé ta tẹ́tẹ́.

Fort Knox àti òkè ayọnáyèéfín

Fún Goldfinger (1964), wọn kò jẹ́ kó wọ inú Fort Knox, ibi tí ìjọba Amẹ́ríkà ń kó wúrà pamọ́ sí. Ó wá to wúrà jọ gègèrè sẹ́yìn irin, ohun tí wúrà tòótọ́ kò lè gbà nítorí bó ṣe wúwo tó. Fún You Only Live Twice (1967), inú òkè ayọnáyèéfín ló kọ́ sí ìta gbangba ní sítúdíò Pinewood, tí hẹlikópítà ń gba orí rẹ̀ wọlé. Owó rẹ̀ tó nǹkan bíi mílíọ̀nù kan dọ́là.

Ẹ̀bùn

Ó gba Oscar méjì, fún Barry Lyndon (1975) àti The Madness of King George (1994). Fíìmù ìtàn ayé àtijọ́ ni méjèèjì. Wọ́n fi í joyè Sir lọ́dún 2003. Lọ́dún 2012, ó fi àwọn àwòrán rẹ̀ ta Deutsche Kinemathek, ilé àkójọ ohun ìtàn fíìmù, lọ́rẹ, ní Berlin tí ìdílé rẹ̀ ti sá kúrò.