Ìbéèrè àti ìdáhùn: Báwo ni erékùṣù tí àwọn olówó ń rọ́ lọ ṣe tún ń wá dọ́là kiri?

Ní oṣù kẹwàá ọdún 2024, ìròyìn jáde pé Íńdíà ti ṣètò pàṣípààrọ̀ owó tí ó tó mílíọ̀nù 400 dọ́là fún Maldives, ìyẹn ni pé kí Maldives fi owó tirẹ̀ gba dọ́là, kí ó sì dá a padà lẹ́yìn náà, kí ọwọ́ ìlú náà lè tẹ owó òkèèrè. Ó rú ọ̀pọ̀ òǹkàwé wa ní Èkìtì lójú, nítorí àwòrán tí gbogbo wa ń rí nípa Maldives ni ti ilé ìtura tí a kọ́ sórí omi, tí owó ibùsùn òru kan níbẹ̀ lè ra ọ̀kadà tuntun.

Níbo gan-an ni Maldives wà?

Inú Òkun Íńdíà ni. Ó jẹ́ nǹkan bí 1,200 erékùṣù kéékèèké, ṣùgbọ́n nǹkan bí 200 péré ni àwọn ọmọ ìlú ń gbé. Àwọn baba ńlá wa ti ná nǹkan ibẹ̀ kí wọ́n tó gbọ́ orúkọ rẹ̀, nítorí inú òkun Maldives ni wọ́n ti kó púpọ̀ nínú owó ẹyọ tí a ná ní ọjà ilẹ̀ Yorùbá.

Ṣé àlejò nìkan ni wọ́n fi ń jẹun ni?

Rárá, wọ́n ń pa ẹja tuna, ṣùgbọ́n ìrìn-àjò afẹ́ ló ń mú nǹkan bí ìdá kan nínú mẹ́rin ọrọ̀ ajé wọn wá. Ọdún 1972 ni ilé ìgbafẹ́ àkọ́kọ́ ṣílẹ̀kùn. Ní 2024, àlejò ju mílíọ̀nù 2 lọ, ní ìlú tí ènìyàn rẹ̀ kò ju nǹkan bí 500,000.

Kí ló dé tí dọ́là fi wá wọ́n wọn?

Ẹ wo àwo oúnjẹ àárọ̀ kan tí wọ́n gbé síwájú àlejò: ẹyin, búrẹ́dì, bọ́tà, àlùbọ́sà, kọfí. Iyanrìn ni ilẹ̀ wọn, kò sí oko tí ó lè bọ́ irú èrò bẹ́ẹ̀, nítorí náà ọkọ̀ ojú omi ló gbé èyí tí ó pọ̀ jù nínú ohun tí ó wà nínú àwo náà wá, òun náà ló sì gbé epo dísù tí ó tan iná tí wọ́n fi dín ẹyin. Ọ̀pọ̀ ilé ìgbafẹ́ ló wà lọ́wọ́ àwọn ará òkèèrè, bẹ́ẹ̀ ni púpọ̀ nínú òṣìṣẹ́ wọn ti Bangladesh, Íńdíà àti Sri Lanka wá, tí wọ́n sì ń fi owó oṣù ránṣẹ́ sílé. Owó náà gba Maldives kọjá ni, kò sùn síbẹ̀. Ìjọba pẹ̀lú ti yá owó púpọ̀ láti kọ́ afárá, pápákọ̀ òfuurufú àti ilé, dọ́là sì ni wọn yóò fi san púpọ̀ nínú rẹ̀. Èyí ló mú kí báńkì àpapọ̀ wọn pàṣẹ ní 2024 pé kí àwọn ilé ìgbafẹ́ ńlá máa ṣẹ́ dọ́là 500 lórí àlejò kọ̀ọ̀kan ní báńkì inú ìlú.

Wọn kò ha lè fi kún owó orí?

Wọ́n ti fi kún un: láti oṣù keje ọdún 2025, owó orí ìrìn-àjò afẹ́ kúrò ní 16 ó di 17 nínú ọgọ́rùn-ún.

Bí àlejò kò bá wá ńkọ́?

Ó ṣẹlẹ̀ rí. Ní 2020, nígbà àrùn Kòrónà, wọ́n ti ẹnubodè láti oṣù kẹta títí di oṣù keje, ọrọ̀ ajé wọn sì fi nǹkan bí ìdá kan nínú mẹ́ta dín kù lọ́dún náà.

Ṣé orísun omi Ìkógòsì lè fa àlejò àti owó wá sí Èkìtì bíi ti Maldives?

Mo gbà pé ó lè ṣe jù bẹ́ẹ̀ lọ bí a bá fara balẹ̀, nítorí a ní ohun tí Maldives kò ní, èyíinì ni ilẹ̀ tí ń hu nǹkan. Àlejò tí ó ti ki ẹsẹ̀ kan bọ omi gbígbóná, tí ó ki èkejì bọ omi tútù níbi tí méjèèjì ti pàdé, ebi yóò pa á dandan. Bí ó bá jẹ iyán, owó rẹ̀ lè kan àgbẹ̀ tí ó gbin iṣu, ọlọ́kadà tí ó gbé e dé ọjà àti obìnrin tí ó gún un, kí ó tó jáde kúrò ní Èkìtì. Bí ó bá jẹ́ adìyẹ inú yìnyín àti ìrẹsì àpò ni wọ́n gbé fún un, a ti ń ṣe bíi Maldives láìní òkun. Nítorí náà, ẹnikẹ́ni tí ó bá wá kọ́ ilé ìtura sí àdúgbò yín, ẹ bi í léèrè níbo ni yóò ti máa ra iṣu, àti mélòó nínú ọmọ ìlú ni yóò gbà síṣẹ́.

Ẹnì kan ní òun ti bá ọmọ mi wá iṣẹ́ òtẹ́ẹ̀lì ní Maldives. Ṣé kí ó lọ?

Ẹ jọ̀wọ́, ẹ ṣọ́ra gidigidi. Ìwé ìwọlé ọlọ́gbọ̀n ọjọ́ tí wọ́n ń fún àlejò ní pápákọ̀ òfuurufú kì í ṣe ìwé iṣẹ́. Ẹni tí ó fẹ́ gba ènìyàn síṣẹ́ ló ń gba ìwé àṣẹ iṣẹ́ fún un kí ó tó wọ ọkọ̀ òfuurufú. Bí ẹni náà bá ní kí ọmọ yín kọ́kọ́ wọlé bí àlejò, pé wọn yóò ṣe ìyókù níbẹ̀, ẹ má san kọ́bọ̀ fún un.