Ẹ wo oorun ẹ̀ kí ẹ tó pè é l'ọ̀lẹ

Ìyá kan tún wá l'ọ́sẹ̀ tó kọjá, ọ̀rọ̀ kan náà ni. "Nọ́ọ̀sì, ọmọ mi ti ṣe agùnbánirọ̀ tán láti ọdún 2, kò ṣiṣẹ́, kò padà sí school, ayé ló ń ṣe é." Mo ní mà, aago mélòó ló ń sùn? Ó wò mí bíi pé èmi gan-an lorí mi ò pé. "Ṣé oorun ni mo bá wá ni?"

Oorun ni mà. Ọmọ tó ń tẹ fóònù di aago 4 ìdájí tó wá jí l'aago 2 ọ̀sán, ìgbà wo ló fẹ́ wáṣẹ́? Ara èèyàn ní aago tiẹ̀, ìmọ́lẹ̀ àárọ̀ tó bá wọ ojú ló máa ń tún un sẹ́tì, tó bá ti dojú rú, oúnjẹ á dojú rú, inú á máa bí i, nǹkan kékeré á wá dà bí òkè lójú ẹ̀. Torí náà ẹ fi CV sílẹ̀ ná. Jíjí ni kẹ́ ẹ kọ́kọ́ mú, aago kan náà lójoojúmọ́, Sọ́ńdè gan-an, kó jáde gba oòrùn àárọ̀, ẹ rán an ní àkàrà. Tó bá ń jí l'aago 2, kó jẹ́ aago 1 l'ọ́sẹ̀ yìí, díẹ̀díẹ̀ ni. Ẹ má da omi lé e lórí o, mo ti rí ẹni tó ṣe bẹ́ẹ̀.

Ẹ fún un lówó díẹ̀ àti iṣẹ́ ilé kan tó máa jẹ́ tiẹ̀, kẹ́ ẹ sì jọ̀wọ́ gbàgbé ọmọ Màmá Tọ́pẹ́ tó wà ní Canada.

Àmọ́ tó bá ti tó ọ̀sẹ̀ 2 tí nǹkan kan ò wù ú mọ́, tó ń sọ pé òun ò wúlò, ẹ bi í tààrà bóyá ó ń ro àtikú. Bíbéèrè ò ní fi sí i lórí. Kẹ́ ẹ mú un wá, ẹ yéé gbé e lọ sí orí òkè! Ẹ ń sá fún Arò, ilé ìwòsàn ọpọlọ tó wà l'Abẹ́òkúta, torí orúkọ, Arò tó jẹ́ pé láti 1954 ni Dókítà Lambo ti ní káwọn aláìsàn máa gbé láàárín àwọn ará abúlé, kí wọ́n máa wá gba ìtọ́jú lójúmọmọ.

Ọmọkùnrin kan wà, ọmọ ọdún 22, ó ń gbọ́ ohùn lẹ́yìn wíńdò. Wòlíì ní ẹ̀mí ọ̀lẹ ni, ó fi ṣéènì sí i lẹ́sẹ̀ fún oṣù 5. Egbò ti jẹ ọrùn ẹsẹ̀ ẹ̀ kí wọ́n tó gbé e dé ọ̀dọ̀ wa. Ó lo oògùn fún ọ̀sẹ̀ 6, ó wá bi mí láàárọ̀ ọjọ́ kan pé, "Nọ́ọ̀sì, Arsenal ń kọ́?" Ìyá ẹ̀ jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ wọ́ọ̀dù, ó bú sẹ́kún. Fóònù ẹ̀ ń dún. Wòlíì ni, ó ní ó ṣì ku owó òróró.