Bí Orúkọ Tuntun Ṣe Ń Gbòde: Láti Nevaeh Dé Shindara

Ní ọdún 1999, ọmọbìnrin mẹ́jọ péré ló wà nínú àkọsílẹ̀ ìjọba Amẹ́ríkà tí wọ́n sọ ní Nevaeh. Ní 2000 wọ́n di 86, ní 2001 wọ́n fò sókè sí 1,191, nígbà tó sì fi máa di 2005, ọmọ 4,457 ni wọ́n fún ní orúkọ yìí lọ́dún kan ṣoṣo. Tẹlifíṣọ̀n ló tan iná ràn án. Sonny Sandoval, olórin ẹgbẹ́ P.O.D., fi ọmọ rẹ̀ han àwọn òǹwòran MTV lọ́dún 2000, ó sì ṣàlàyé pé "heaven", ìyẹn ọ̀run, lòun kọ láti ẹ̀yìn wá síwájú.

Àlàyé náà dùn mọ́ àwọn onígbàgbọ́ ibẹ̀ nínú. Ṣùgbọ́n bó bá jẹ́ ìtumọ̀ nìkan ló ń gbé orúkọ ga, Heaven fúnra rẹ̀ ì bá ti tó wọn. Ìró ló ṣe gudugudu méje. Nevaeh parí bí Maria àti Sophia ṣe parí, nítorí náà ó dún bí orúkọ tí etí ti mọ̀ tipẹ́, síbẹ̀ kò sí ọmọ ẹlòmíì ládùúgbò tó ń jẹ́ ẹ. Ibi tí orúkọ tuntun ti ń ríṣẹ́ ṣe gan-an nìyẹn: kó jọ ti àtijọ́, kó má sì tíì ní ẹni tó ni ín. Àwọn òbí kan ò tilẹ̀ kọ ọ́ dáadáa, wọ́n kọ Neveah. Ẹ kà á láti ẹ̀yìn, "haeven" lẹ máa rí, èyí tí kì í ṣe ọ̀run ẹnì kankan, àmọ́ àṣìkọ yẹn náà wọ àárín ẹgbẹ̀rún orúkọ tó gbajúmọ̀ jù níbẹ̀.

Ní 2005, Nevaeh wà ní ipò 70, ó ti kọjá Vanessa. Vanessa tí gbogbo ayé ń pè ní orúkọ àgbà yìí, àdáṣe ni òun náà. Akéwì ọmọ Ireland, Jonathan Swift, ló gé orúkọ Esther Vanhomrigh wẹ́wẹ́, tó sì to àwọn ègé náà pọ̀ ní nǹkan bí ọ̀ọ́dúnrún ọdún sẹ́yìn. Ní 2010 Nevaeh gòkè dé ipò 25. Láti ìgbà náà ló ti ń sọ̀ kalẹ̀.

Bí ìdílé Yorùbá ní Kubwa tàbí Lugbe, ní Abuja níbí, bá fẹ́ sọ ọmọ wọn ní Nevaeh, ẹnu ni orúkọ náà máa kọ́kọ́ kojú. Yorùbá ò ní "v", Hausa náà ò ní in, "f" ló sì máa ń dà lẹ́nu Yorùbá, "b" tàbí "f" lẹ́nu Hausa. Ìyá àgbà tó ń wo ìsọmọlórúkọ lórí WhatsApp láti Ìlá-Ọ̀ràngún máa gbọ́ "Nẹféyà", á béèrè ohun tó túmọ̀ sí, wọ́n á ní ọ̀run ni wọ́n yí padà. Ta ló ní kí wọ́n yí ọ̀run padà fún ọmọ ọjọ́ mẹ́jọ? Ìpàdé ẹbí ti bẹ̀rẹ̀ nìyẹn. Ọgbọ́n ojú ni kíkọ orúkọ láti ẹ̀yìn, etí ò mọ̀ ọ́n. Ẹ dán an wò pẹ̀lú Ayọ, Ọya ni yóò jáde. Bóyá òrìṣà ìyàwó Ṣàngó ni o, bóyá ẹran ìgbẹ́ tí wọ́n ń yan tà lẹ́bàá ọ̀nà ni, àmì ohùn nìkan ló lè sọ.

Gbólóhùn ni Yorùbá fi ń dá orúkọ tiwọn. Gbólóhùn náà ní àga tí olùwà ń jókòó lé, ẹni tó bá wu ìdílé ni wọ́n sì lè gbé síbẹ̀. Àwọn babańlá ń jẹ́ Ògúnbíyìí, Fábíyìí, Odùbíyìí. Nígbà tí ẹ̀sìn Kristi rinlẹ̀, Ògún àti Ifá dìde kúrò lórí àga nínú ọ̀pọ̀ ilé, Olú àti Jésù jókòó, "bíyìí" ò sì kúrò níbi tó wà. Ìgbà tó yá, Olúwa bọ́ sí ìparí: Ìfẹ́olúwa, Ìníolúwa, Àràolúwa. Lẹ́yìn ìyẹn ni ọmọ fúnra rẹ̀ wá ń sọ̀rọ̀ nínú orúkọ: Mofìyìnfólúwa, Moyọ̀sólúwa, Tèmilolúwa. Ní báyìí, gígé ló gbòde. Ìní, Fìyìn, Moyọ̀, Tèmi, tí wọ́n jẹ́ ìpè inú ilé tẹ́lẹ̀, làwọn òbí kan ń kọ sórí ìwé ẹ̀rí ìbí bí ẹni pé kò sí ọ̀rọ̀ kankan lẹ́yìn wọn.

Irú orúkọ báyìí kò nílò MTV. Ẹni tí kò gbọ́ Ṣìńdárà rí láyé rẹ̀ máa mọ̀ lójú ẹsẹ̀ pé Olúwa ṣì ń dá àrà. Bí ìyá kan bá gbọ́ ọ níbi àyẹ̀wò aboyún, tàbí tí pásítọ̀ bá kéde rẹ̀ lọ́jọ́ ìkómọjáde, ó ti ní ìtumọ̀ rẹ̀ lọ́wọ́ kó tó délé. Ohun tó ń mú kí orúkọ àdáṣe Yorùbá máa tàn kálẹ̀ láìsí gbajúmọ̀ kankan lẹ́yìn rẹ̀ nìyẹn.

Àmọ́ Abuja kì í ṣe Ìbàdàn. Níhìn-ín, ará ilé kejì lè jẹ́ Tiv, olùkọ́ jẹ́ Igala, nọ́ọ̀sì jẹ́ Hausa. Gbólóhùn inú orúkọ ò dé etí wọn, ìró nìkan ló ń dé bẹ̀. Orúkọ Yorùbá wá di ohun tó ń kọjú sí ìṣòro Nevaeh gan-an: kí ó rọrùn lẹ́nu àwọn tí kò mọ ìtumọ̀ rẹ̀. "Gb" máa ń fún àwọn Hausa ní wàhálà. Gwari ni wọ́n ń pe àwọn Gbagyi tó ni ilẹ̀ tí a ń gbé, nítorí náà kí ìyá Gbémisọ́lá má bínú jù bí wọ́n bá ń kí ọmọ rẹ̀ ní Gwemi. "Ṣ" tún ní ẹjọ́ tirẹ̀. Fọ́ọ̀mù ìjọba kì í gba àmì abẹ́, bí wọ́n bá sì kọ Sindara, bí wọ́n ṣe kọ ọ́ ni aládùúgbò máa pè é. Ìdí rèé tí àwọn òbí ìhín fi ń kọ Shindara. Ará Àríwá tó ti mọ Shehu àti Shagari máa kà á láìṣì. Ohùn ni kò sí ẹni tó rí ọgbọ́n dá sí. Araoluwa orí káàdì lè jẹ́ àrà, ó sì lè jẹ́ ara. A kúkú ti gba ìyẹn fún Ọlọ́run.

Gígùn orúkọ náà ní ibi tó mọ. Ìlà méjì wà nísàlẹ̀ ojú ewé àwòrán pásípọ́ọ̀tù tí ẹ̀rọ ń kà. Àyè 44 ló wà lórí ìlà òkè, 39 péré nínú rẹ̀ ló jẹ́ ti orúkọ. Bí ọmọ bá ń jẹ́ Oluwafikayomi Mofiyinfoluwa Inioluwa, lẹ́tà 34 nìyẹn. Ẹ fi àlàfo àárín wọn kún un, ẹ fi àyè méjì tó máa ń ya orúkọ bàbá sọ́tọ̀ sí i, àyè kan ṣoṣo ló kù fún bàbá. Orúkọ bàbá ló sì máa ń ṣáájú lórí ìlà náà, nítorí náà orúkọ ọmọ ni ẹ̀rọ máa gé.

Iye orúkọ tí ọmọ máa jẹ́ níta máa ń yàtọ̀ sí iye tí wọ́n sọ ọ́. Lọ́jọ́ kẹjọ, kálukú nínú ẹbí ń jù owó sínú abọ́ omi, ó ń dárúkọ tirẹ̀, kí wọ́n sì tó ṣí kúlà, ọmọ ti lè ní mẹ́wàá. Méjì tàbí mẹ́ta ló máa dé ọ̀dọ̀ òṣìṣẹ́ Àjọ Ètò Ìkànìyàn, NPC. Níbẹ̀ ni ọ̀pọ̀ orúkọ tí àwọn àgbà mú wá ti ń di ti inú ilé, tí èyí tí tọkọtaya ti fi oṣù mélòó kan yàn lórí fóònù á sì di ti ìwé.

Òfin ọdún 1992 ní kí wọ́n forúkọ ìbí sílẹ̀ láàárín ọjọ́ 60. Ohun tó bá wọ inú ìwé yẹn ló yẹ kí NIN, ilé ìwé àti pásípọ́ọ̀tù tẹ̀ lé. Bí bàbá bá kọ Sindara síbẹ̀, tí ìyá wá kọ Shindara sí fọ́ọ̀mù jẹ́lé-ó-sinmi, kóòtù ni wọ́n máa lọ búra, wọ́n á sì tún sanwó ìkéde nínú ìwé ìròyìn.